Sìkóònù eléso nínú ilé l'Óṣogbo: kí ni ká fi yan án?

Ẹni tó bá fẹ́ yan sìkóònù eléso, ìpápánu òyìnbó kékeré tí wọ́n ń fi èso gbígbẹ sí, nílé l'Óṣogbo kì í sábà há síbi èròjà. Fúláwà, bọ́tà, ṣúgà àti rèsíìnì wà ní Ìgbọ̀nà, wọ́n wà ní Ọjà Ọba. Ohun tí a ó fi yan án gan-an ni ìṣòro. Ṣé ófúnù gáàsì ni, ṣé ófúnù kékeré oníná mànàmáná ni, ṣé ìkòkò oníyanrìn lórí èédú ni, àbí páànù tí a fi ń dín dòdò? Mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló lè yan sìkóònù tó ṣeé gbé síwájú àlejò, ṣùgbọ́n owó wọn ò dọ́gba, ohun tó sì ń ba ti ọ̀kan jẹ́ kọ́ ló ń ba ti èkejì jẹ́.

Ohun tí a ó fi wọ̀n wọ́n

Sìkóònù kì í ṣe kéèkì. Iná jẹ́jẹ́ ni kéèkì ń fẹ́, nǹkan bí 170 sí 180 lórí ìwọ̀n Sẹ́lísíọ́ọ̀sì. Sìkóònù ń fẹ́ 220, ìṣẹ́jú 12 sí 15 péré ló sì yẹ kó lò níbẹ̀. Bí mílíìkì bá ti kan béékìn páúdà ni afẹ́fẹ́ ti ń tú jáde nínú rẹ̀, bí ooru bá sì bá a, á tú ìyókù jáde. Wóró bọ́tà tó wà káàkiri inú ìyẹ̀fun náà á yọ́, omi inú rẹ̀ á hó di ooru omi, á máa ti ìyẹ̀fun sókè. Kí ara sìkóònù tó le ni gbogbo èyí gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀. Bí iná bá rọ̀, bọ́tà á ti ṣàn lọ kí fúláwà tó dìde dúró, sìkóònù á sì tẹ́ pẹẹrẹ bí àkàrà tí wọ́n dá sínú epo tí kò gbóná.

Nítorí náà, ohun tí a ó kọ́kọ́ wò ni bóyá ohun ìyan náà lè dé 220, kó sì ti gbóná dé ibẹ̀ kí sìkóònù tó wọlé. Èkejì ni ibi tí ooru ti ń wá: ṣé ìsàlẹ̀ nìkan ni, àbí òkè náà? Lẹ́yìn ìyẹn ni owó, owó ìrà àti owó iná. A ó tún wò ó bóyá ó lè já ni kulẹ̀ láàárín ìyan, àti iye tó ń gbà lẹ́ẹ̀kan. Nínú gbogbo wọn, èkejì yẹn ni àwọn èèyàn kì í béèrè tí wọ́n bá lọ ra ófúnù, òun ló sì ń ba sìkóònù jẹ́ jù.

Bí ohun ìyan yín kò bá ní nọ́ńbà, tàbí tí nọ́ńbà rẹ̀ kò ṣeé gbọ́kàn lé, ẹ fi ṣúgà dán an wò. Ṣúgà funfun ń yọ́ ní nǹkan bí 186. Ẹ da ṣíbí tíì kan sórí fọ́ì, ẹ gbé e sínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 15. Bí ó bá ṣì wà bó ṣe wà, ooru yẹn lè yan kéèkì, kò lè yan sìkóònù. Bí etí rẹ̀ nìkan bá yọ́, ẹ fi iná kún un. Bí ó bá yọ́ tán tó sì ti ń pọ́n kí àkókò tó pé, ẹ máa gbé sìkóònù bọ̀.

Pípò kan fún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin

Ìyẹ̀fun kan náà ni ká lò fún gbogbo wọn: fúláwà gíráàmù 500, béékìn páúdà ṣíbí tíì márùn-ún tó tẹ́jú, ṣúgà ṣíbí ìjẹun mẹ́rin, iyọ̀ ìdajì ṣíbí tíì, bọ́tà gíráàmù 100, rèsíìnì gíráàmù 100, ẹyin kan. Ẹ lu ẹyin náà mọ́ mílíìkì tútù títí àpapọ̀ wọn yóò fi jẹ́ mílílítà 280, kí ẹ sì fi ṣíbí méjì pamọ́ nínú rẹ̀ tí ẹ ó fi kun orí. Méjìlá ni yóò fún yín.

Fúláwà tó wọ́pọ̀ lọ́jà wa, ti búrẹ́dì ni. Ó lágbára, ó ń fà. Ìyẹn dára fún búrẹ́dì, àmọ́ ńṣe ló ń mú sìkóònù fà bí róbà. Ẹ bu ṣíbí ìjẹun mẹ́rin kúrò nínú rẹ̀, kí ẹ fi kọ́nfúláwà ṣíbí mẹ́rin dí àyè rẹ̀, kí ẹ sì jọ̀ wọ́n pọ̀ lẹ́ẹ̀mejì.

Béékìn páúdà tí wọ́n ń wọ̀n sínú ọ̀rá tín-ín-rín lè ti kú kó tó dé ilé yín, nítorí ìrì àti ọ̀rinrin ló ń pa á. Ẹ da ìdajì ṣíbí tíì sínú omi gbígbóná. Kó hó ṣùùṣùù lójú ẹsẹ̀. Bí ó bá kàn ta díẹ̀ tó dákẹ́, ẹ má fi bọ́tà yín ṣòfò lé e lórí.

Bọ́tà náà ń kọ́? Ohun tí a ń pè ní bọ́tà nílé wa, màgaríìnì ni lọ́pọ̀ ìgbà, ó sì ṣeé lò. Adùn bọ́tà gidi ju tirẹ̀ lọ, àmọ́ ó wọ́n. Èyí tó ṣe pàtàkì ju orúkọ rẹ̀ lọ ni pé kó tutù. Bọ́tà gidi ń yọ́ ní ìwọ̀n 32 sí 35, ọ̀sán Òṣogbo nínú oṣù kejì àti ìkẹta sì máa ń súnmọ́ ibẹ̀ fúnra rẹ̀. Màgaríìnì inú ike tún rọ̀ jùyẹn lọ. Ẹ fi sínú fíríìsà kó le bí òkúta, kí ẹ sì fi ohun tí a fi ń rin ilá rin ín sínú fúláwà. Orí ìka ni kí ẹ fi rà á mọ́ ọn. Ẹ má jẹ́ kí àtẹ́lẹwọ́ kàn án, torí ó gbóná. Nígbà tó bá ti rí bí gààrí tí kò kúnná, tí ẹ ṣì ń rí wóró bọ́tà bí ẹ̀wà níbí àti lọ́hùn-ún, ó tó. Bí iná kò bá sí tí fíríìsà ò dì, òwúrọ̀ kùtù ni kí ẹ ṣe é.

Ẹ da ṣúgà àti rèsíìnì sí i, ẹ da mílíìkì lé e lẹ́ẹ̀kan náà, kí ẹ fi ọ̀bẹ rò ó. Bí kò bá ti sí fúláwà gbígbẹ nísàlẹ̀ abọ́ mọ́, ẹ dáwọ́ dúró. Ó gbọ́dọ̀ máa lẹ̀ mọ́ọ̀yàn lọ́wọ́ díẹ̀. Ẹni tó bá ń pò ó bí ẹni ń pò búrẹ́dì, búrẹ́dì burúkú ni yóò bá nínú ófúnù. Ẹ da á sórí pákó tí ẹ ti bu fúláwà sí, ẹ ṣẹ́ ẹ po lẹ́ẹ̀mejì, ẹ fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́ kó nípọn tó sẹ̀ǹtímítà 2.5. Agolo mílíìkì kékeré tí a ti gé orí àti ìdí rẹ̀ kúrò tó láti fi gé e, àmọ́ ẹ kíyè sí etí rẹ̀, ó mú. Ẹ ti agolo náà lọ sísàlẹ̀ tààrà, kí ẹ fà á sókè tààrà. Bí ẹ bá yí i, ẹ ti lẹ etí sìkóònù pọ̀ nìyẹn. Apá kan á ga, apá kejì á tẹ̀, á wá dà bí fìlà gọ̀bì.

Láti ìgbà tí mílíìkì ti wọlé, ẹ má jẹ́ kó ju ìṣẹ́jú 10 lọ kó tó dé orí iná. Èyí túmọ̀ sí pé iná ni ẹ ó kọ́kọ́ dá, kí ẹ tó fọwọ́ kan fúláwà.

Ófúnù gáàsì

Èyí tó wà lábẹ́ sítóòfù onígáàsì mẹ́rin tàbí márùn-ún ni mò ń wí. Òun ló wọ́n jù láti rà nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, òun náà ló sì ń gbà jù: méjìlá lẹ́ẹ̀kan láìfún mọ́ra. Bí bọ́tìnnì rẹ̀ bá ní nọ́ńbà 1 sí 8, 7 ni 220. Bí ó bá jẹ́ èyí tó ní kékeré àti ńlá nìkan, ẹ gbé e sí ńlá kí ẹ fi ṣúgà dán an wò. Kó ti máa jó fún ìṣẹ́jú 20 kí ẹ tó gbé nǹkan wọlé.

Owó iná rẹ̀ kò tó bí àwọn èèyàn ṣe ń bẹ̀rù. Iná ófúnù bẹ́ẹ̀ ń jó nǹkan bí gíráàmù 200 gáàsì ní wákàtí kan. Ìgbóná àti ìyan papọ̀ kò ju ìṣẹ́jú 35 lọ, ìyẹn gíráàmù 120 tàbí kó dín díẹ̀. Sílíńdà kílò 12.5 tó kún lè yan nǹkan bí ọgọ́rùn-ún pípò bí ẹ kò bá fi se nǹkan mìíràn.

Àbùkù rẹ̀ ni pé abẹ́ ni iná rẹ̀ wà. Ìdí sìkóònù á dúdú, orí rẹ̀ á funfun bí ẹni tí kò jáde sóòrùn rí. Ẹ gbé pẹpẹ rẹ̀ sí ìdá kan nínú mẹ́ta lókè, kì í ṣe àárín. Ẹ má lo páànù tó gba gbogbo ojú pẹpẹ, torí ooru ò ní ráyè gòkè. Kí àlàfo sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta wà yí i ká. Páànù fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni ẹ ní? Ẹ to méjì léra. Ẹ tò wọ́n súnmọ́ ara wọn, kí wọ́n lè máa ti ara wọn sókè. Ẹ má ṣí ilẹ̀kùn kí ìṣẹ́jú mẹ́jọ tó pé. Lẹ́yìn náà ni kí ẹ yí páànù padà, torí ẹ̀yìn máa ń gbóná ju iwájú lọ. Bí ófúnù yín bá ní iná òkè, ìṣẹ́jú méjì ìgbẹ̀yìn ni kí ẹ tàn án, kí ẹ má sì kúrò níbẹ̀, torí ìṣẹ́jú mẹ́ta ti pọ̀ jù fún rèsíìnì.

Kì í já ni kulẹ̀, àyàfi bí gáàsì bá tán lójijì. Ẹ gbé sílíńdà wò kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Ófúnù kékeré oníná mànàmáná

Bí ẹ bá ní kí n wo iṣẹ́ rẹ̀ nìkan láì wo iná àdúgbò, òun ni mo máa mú. Irin gbígbóná wà lókè rẹ̀, ó wà nísàlẹ̀, inú rẹ̀ kéré, kì í sì í pẹ́ gbóná: ìṣẹ́jú 10 sí 15 ti tó. Ohun tí à ń wá fún sìkóònù gan-an nìyẹn. Èyí tó jẹ́ lítà 20 sí 30 ń gbà mẹ́fà sí mẹ́jọ lẹ́ẹ̀kan. Bí ó bá jẹ́ 1,500 wáàtì, ìgbóná àti ìyan kan kò ní jẹ ju yúníìtì kan lọ lára mítà.

Àmọ́ ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́ ọ̀rọ̀. Ibùdó tó ń darí ọ̀nà iná gbogbo orílẹ̀-èdè yìí, Òṣogbo ló wà, ìyẹn ò sì ní kí iná dúró lójú kan ní Òkè-Fìà tàbí Alékúwodò. Kì í ṣe pípa iná nìkan ni wàhálà. Hááfù-kọ́rẹ́ǹtì burú jù ú lọ, torí iná ófúnù á tàn, ẹ ó rò pé ó ń ṣiṣẹ́. Bí fóltéèjì bá já láti 230 sí 180, agbára irin ìgbóná kì í dín ní ìdá kan nínú márùn-ún péré bí ojú ṣe ń rí i, ńṣe ló ń já sí nǹkan bí ìdá 61 nínú ọgọ́rùn-ún. Ófúnù 1,500 di 920 wáàtì nìyẹn. Sìkóònù á wà nínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 25, á gbẹ, kò sì ní pọ́n. Bí gílóòbù yín bá ti ń pọ́n bí iná àtùpà, ẹ fi ìyan sílẹ̀ di ọjọ́ mìíràn.

Jẹnẹrétọ̀ kékeré tí kò tó kílówáàtì kan kò lè gbé e, ẹ má dán an wò. Ìnfátà lè gbé e tó bá tóbi, ṣùgbọ́n ẹ ó rí i lára bátìrì lálẹ́.

Bí iná bá lọ láàárín ìyan, ẹ má ṣí ilẹ̀kùn. Bí ó bá ti lo ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án, ooru tó kù nínú rẹ̀ lè parí iṣẹ́, kó kàn jẹ́ pé orí rẹ̀ á funfun. Bí ìṣẹ́jú mẹ́rin péré ló ti lò, ẹ gbé e sórí páànù ìdíndòdò kíá.

Irin òkè rẹ̀ súnmọ́ oúnjẹ gan-an. Pẹpẹ ìsàlẹ̀ ni kí ẹ lò, kí ẹ sì ti àwọn rèsíìnì tó bá yọrí síta wọnú ìyẹ̀fun, torí èyí tó wà lójú ló máa ń jó di èédú tí á korò lẹ́nu. Éà-fráyà náà ń ṣe é, mẹ́rin tàbí márùn-ún lẹ́ẹ̀kan, ní 190 fún ìṣẹ́jú 10 sí 12, àmọ́ afẹ́fẹ́ rẹ̀ ń tètè gbẹ ara rẹ̀. Ìṣòro iná kan náà sì ni.

Ìkòkò oníyanrìn

Èyí ni àwọn èèyàn ń fojú tín-ín-rín jù, bẹ́ẹ̀ òun ló sì yẹ kí ẹni tí kò ní ófúnù kọ́kọ́ gbìyànjú kó tó ná kọ́bọ̀. Bí a bá ṣe é bó ṣe yẹ, sìkóònù rẹ̀ ju ti ọ̀pọ̀ ófúnù gáàsì lọ, torí ó ṣeé fi iná sí lókè àti nísàlẹ̀. Ẹni tí kì í kó èédú sórí ọmọrí ló ń sọ pé ìkòkò kì í yan nǹkan pọ́n.

Ìkòkò tó nípọn, tó fẹ̀, tó ní ọmọrí irin ni ẹ nílò. Ọmọrí onígíláàsì kò ṣeé kó èédú lé, á fọ́. Ìkòkò tí wọ́n kun inú rẹ̀ kí oúnjẹ má baà lẹ̀ kò ṣeé lò lórí iná gbígbẹ, èéfín rẹ̀ kò dára. Èyí tó fẹ́lẹ́ á ká kò. Ẹ ku iyanrìn, ẹ fọ̀ ọ́, ẹ sá a gbẹ dáadáa, ẹ da á sínú rẹ̀ kó ga tó sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta. Iyanrìn tútù á máa mú ooru omi jáde, sìkóònù á hó dípò kó yan. Ẹ dojú agolo sàdíìnì méjì dé lórí iyanrìn náà, orí wọn ni páànù yóò jókòó lé. Ó gbọ́dọ̀ ku àlàfo láàárín páànù àti ara ìkòkò.

Ẹ gbé e ka orí èédú tó ti ràn tó pupa, ẹ dé e, ẹ kó ẹ̀yinná sórí ọmọrí. Èyí tó wà lókè gbọ́dọ̀ tó ìlọ́po méjì ti ìsàlẹ̀, nítorí òkè ni ooru ń gbà lọ, ti ìsàlẹ̀ yóò sì wá bá sìkóònù fúnra rẹ̀. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú 20, ẹ fi ṣúgà dán an wò. Ìgbà tó bá ti yọ́ ni kí ẹ gbé sìkóònù márùn-ún tàbí mẹ́fà sí i. Ẹ má ṣí i fún ìṣẹ́jú 10. Bí ẹ bá fẹ́ ṣí ọmọrí, ẹ gbé e sókè gbọọrọ, ẹ má fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́, kí eérú má baà dà sórí sìkóònù. Ìṣẹ́jú 15 sí 18 ni yóò gbà.

Ìta gbangba ni iṣẹ́ yìí. Afẹ́fẹ́ olóró tí kò lóòórùn ń jáde lára èédú, ó ń pa èèyàn nínú yàrá tí a tì pa. Ibi tí òjò ti lè dí i lọ́wọ́ nìyẹn. Ẹni tó ń rò ó láti ta ìpápánu fún àwọn àlejò ọdún Ọ̀ṣun nínú oṣù kẹjọ gbọ́dọ̀ ní orùlé tí kò ní ògiri, torí òjò ò lọ́jọ́ nígbà náà.

Ẹ tún lè gbé ìkòkò náà ka orí gáàsì nínú ilé. Ó ń yan, àmọ́ orí rẹ̀ kò ní pọ́n, ẹ ó ní láti yí sìkóònù padà níṣẹ́jú mẹ́rin tó kẹ́yìn.

Páànù ìdíndòdò

Èyí ni sìkóònù ti ayé àtijọ́. Orí irin pẹrẹsẹ ni wọ́n ti ń yan án ní Scotland kí ófúnù tó wọlé àwọn èèyàn. Ẹ dín mílíìkì kù díẹ̀, kí ìyẹ̀fun nípọn tó sẹ̀ǹtímítà 1.5, ẹ gé e sí igun mẹ́ta mẹ́ta. Páànù tó nípọn, iná kékeré, kò sí epo, ẹ bu fúláwà díẹ̀ síbẹ̀. Bí fúláwà náà bá pọ́n díẹ̀díẹ̀, ooru ti tó. Ìṣẹ́jú márùn-ún sí mẹ́fà fún ẹ̀gbẹ́ kan, ẹ dé e lórí. Ẹ gé rèsíìnì wẹ́wẹ́. Kò ní ga bí ti ófúnù, ara rẹ̀ á sì le díẹ̀ lójú méjèèjì. Gbígbóná ni kí ẹ jẹ ẹ́, ní wákàtí méjì sí i, kì í dùn mọ́.

Èso wo?

Rèsíìnì ni ìrọ̀rùn wà lọ́dọ̀ rẹ̀: ẹ rẹ ẹ́ sínú omi lílọ́ wọ́rọ́ fún ìṣẹ́jú 10, ẹ sẹ́ ẹ, ẹ fi aṣọ nù ún gbẹ. Dàbínù ni mo fẹ́ràn jù fún wa níbí, pàápàá lásìkò ààwẹ̀ Ràmàdáánì tó máa ń kún ọjà. Ẹ yọ kóró rẹ̀, ẹ gé e tó ẹ̀wà, ẹ yí i nínú fúláwà kó má baà lẹ̀ pọ̀, kí ẹ sì dín ṣúgà kù ní ṣíbí kan. Èso aláwọ̀ mèremère inú ọ̀rá, ṣúgà ló pọ̀ jù nínú rẹ̀, àwọ̀ rẹ̀ sì ń ṣàn sínú ìyẹ̀fun. Ọ̀pẹ̀ òyìnbó àti máńgòrò tútù ní omi jù, ẹ fi wọ́n sílẹ̀, àyàfi bí ẹ bá ti sá wọn gbẹ. Èèpo ọsàn tí a rin, kìkì apá aláwọ̀ rẹ̀, ń bá èyíkéyìí lọ.

Ta ni kó mú èwo

Ẹni tó ti ní sítóòfù onígáàsì pẹ̀lú ófúnù, kó má ra nǹkan mìíràn ju òṣùwọ̀n ooru kékeré tí wọ́n ń so mọ́ pẹpẹ lọ. Ẹni tó ń yan fún títà, tó ń yan ogún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ lójúmọ́, gáàsì náà ni tiẹ̀.

Ẹni tó ń gbé yàrá kan, tí àdúgbò rẹ̀ ń rí iná tó dúró fún wákàtí mélòó kan lójúmọ́, tí kì í sì í yan ju mẹ́fà tàbí mẹ́jọ lọ, kó ra ófúnù kékeré oníná. Bí ẹ kò bá rí iná tó dúró, ẹ má rà á, bó ti wù kó dínwó tó.

Akẹ́kọ̀ọ́, ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọwọ́, àti ẹni tó fẹ́ mọ̀ bóyá títa sìkóònù á lọ ládùúgbò rẹ̀ kó tó kówó lé e, ìkòkò oníyanrìn ni. Ọmọ kékeré nìkan ni kí wọ́n má jẹ́ kó wà nítòsí ọmọrí náà. Ẹni tó kàn fẹ́ mẹ́rin pẹ̀lú tíì ní ìrọ̀lẹ́, tí kò fẹ́ dá iná púpọ̀, kó gbé páànù ìdíndòdò ka iná, kó sì pò ìdajì ìyẹ̀fun yìí.